Václav, Ẹni Tí Ògo Rẹ̀ Ń Pọ̀ Sí I: Ìtàn Orúkọ Kan àti Ẹni Tí Ó Jẹ́ Ẹ

Bí a bá kó ara wa jọ báyìí, kì í pẹ́ tí a ó fi rí àwọn òbí tí wọ́n gbé ọmọ tuntun wá sí iwájú pẹpẹ, tí a ó sì bi wọ́n léèrè orúkọ tí wọ́n fẹ́ sọ ọ́. Àwọn àgbà wa kò fi ọ̀ràn yìí ṣeré rí. Wọ́n ní ilé ni à á wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Wọ́n sì gbà pé orúkọ a máa ro ọmọ. Nítorí náà ni a ṣe rò ó pé yóò ṣe wá ní ànfààní bí a bá mú orúkọ kan láti ilẹ̀ òkèèrè yẹ̀ wò, orúkọ tí àwọn ará Czech, tí ń gbé ní àárín gbùngbùn Yúróòpù, ti ń sọ àwọn ọmọkùnrin wọn fún ẹgbẹ̀rún ọdún ó lé.

Orúkọ náà ni Václav. Àwọn Gẹ̀ẹ́sì ń pè é ní Wenceslas, àwọn ará Jámánì ń pè é ní Wenzel, àwọn ará Pólándì ń pè é ní Wacław, àwọn ará Rọ́ṣíà sì ń pè é ní Vyacheslav. Ṣùgbọ́n láti orísun kan náà ni gbogbo wọn ti ṣàn wá. Kì í ṣe orúkọ inú Bíbélì. Kò sí wòlíì tàbí àpọ́sítélì kan tí ó jẹ́ ẹ. Síbẹ̀, kò sí ṣọ́ọ̀ṣì kan ní ilẹ̀ náà tí ó ń ṣiyèméjì láti fi í ṣe ìrìbọmi fún ọmọ. Báwo ni ó ṣe rí bẹ́ẹ̀? Kí ni ó ń sọ orúkọ di mímọ́? Ṣé èdè tí a fi sọ ọ́ ni, tàbí ìwé tí a ti rí i, tàbí ayé tí ẹni tí ń jẹ́ ẹ gbé? Ìtàn ọkùnrin kan ni yóò dá wa lóhùn.

ÌTUMỌ̀ ORÚKỌ NÁÀ

Ọ̀rọ̀ méjì ni a so pọ̀ di orúkọ yìí. Ní ìgbàanì, Veceslav ni wọ́n ń pè é, kí ẹnu àwọn ènìyàn tó gé e kúrú. Apá ìṣáájú túmọ̀ sí púpọ̀ sí i. Apá ìkẹyìn, èyí tí í ṣe sláva, túmọ̀ sí ògo. Bí a bá pa méjèèjì pọ̀, àdúrà ni orúkọ náà: kí ògo ọmọ yìí kí ó máa pọ̀ sí i.

Irú nǹkan báyìí kò lè ṣe àjèjì sí wa. Gẹ́gẹ́ bí ìdílé kan láàárín wa ti ń fi Adé bẹ̀rẹ̀ orúkọ àwọn ọmọ wọn, tí ìdílé mìíràn ń fi Ọlá, tí òmíràn sì ń fi Ọdẹ tàbí Àyàn, bẹ́ẹ̀ gẹ́gẹ́ ni ìdílé àwọn ọmọ-aládé tí ń ṣe olórí ilẹ̀ Bohemia fẹ́ràn láti máa fi ògo parí orúkọ. Vratislav ni bàbá Václav ń jẹ́, orúkọ tí ó ní ìpadàbọ̀ ògo nínú. Boleslav ni àbúrò rẹ̀ ń jẹ́, èyí tí ó túmọ̀ sí ògo tí ó tóbi jù. Ìyá àgbà wọn ń jẹ́ Ludmila, ẹni tí àwọn ènìyàn fẹ́ràn. Ìyá wọn ń jẹ́ Drahomíra, àlàáfíà tí ó ṣe iyebíye.

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi àwọn orúkọ wọ̀nyí sí ọkàn bí ẹ ti ń kà á lọ. Ọmọ ìyá méjì ni, ọmọ bàbá kan náà, a sì sọ wọ́n ní orúkọ tí ìtumọ̀ wọn fẹ́rẹ̀ẹ́ má yàtọ̀. Ògo ni a tọrọ fún èkínní, ògo ni a tọrọ fún èkejì. Ọ̀nà tí olúkúlùkù wọn gbà wá ògo náà ni ó mú ìyàtọ̀ wá.

ILẸ̀ ÀTI ILÉ TÍ A BÍ I SÍ

Ní nǹkan bí ọdún 907 ni a bí Václav. Ìlú kékeré kan tí à ń pè ní Stochov, tí kò jìnnà sí Prague, ni àwọn ará ilẹ̀ náà gbà pé a bí i sí. Ní àkókò náà, ilẹ̀ Bohemia kò tíì di ìjọba ńlá. Àwọn ìjòyè púpọ̀ ni ó wà níbẹ̀, tí olúkúlùkù ní odi tirẹ̀ àti ọmọ ogun tirẹ̀. Ìdílé Přemysl, èyí tí ìjókòó rẹ̀ wà ní Prague àti agbègbè rẹ̀, ni agbára rẹ̀ ń pọ̀ sí i láàárín wọn.

Ìgbàgbọ́ Kristi ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ilẹ̀ náà ni. Ní ọdún 863, Cyril àti Methodius, ọmọ ìyá méjì láti ìlú Tẹsalóníkà, lọ sí Moravia, ilẹ̀ tí ó bá Bohemia pààlà. Wọn kò fi dandan lé e pé kí àwọn ènìyàn náà kọ́kọ́ kọ́ èdè àjèjì kí wọ́n tó lè gbọ́ ti Ọlọ́run. Wọ́n ṣe àkójọ àmì ìkọ̀wé fún èdè ilẹ̀ náà, wọ́n sì túmọ̀ Ìwé Mímọ́ àti àwọn ìwé ìsìn sí i, gẹ́gẹ́ bí àwọn baba ìgbàgbọ́ tiwa náà ti ṣe lẹ́yìn-ọ̀-rẹyìn ní ilẹ̀ Yorùbá. Bořivoj, bàbá àgbà Václav, àti Ludmila aya rẹ̀, ni ẹni àkọ́kọ́ nínú ìdílé wọn tí ó gba ìrìbọmi. Ìtàn sì sọ pé Methodius fúnra rẹ̀ ni ó ṣe é fún wọn.

Ṣùgbọ́n ìgbàgbọ́ tuntun kò tíì ta gbòǹgbò jinlẹ̀. Drahomíra, ìyá Václav, jẹ́ ọmọ ìjòyè láti ẹ̀yà kan ní ìhà àríwá, níbi tí wọ́n ṣì ń bọ òrìṣà. Nínú ilé kan ṣoṣo, àtijọ́ àti tuntun ń gbé pọ̀. Ọ̀pọ̀ nínú wa mọ irú ilé bẹ́ẹ̀.

ÌYÁ ÀGBÀ TÍ Ó TỌ́ Ọ

Ludmila ni a fi Václav lé lọ́wọ́. Obìnrin yìí ti di opó, ó sì ti gbó nínú ìgbàgbọ́. Òun ni ó mú kí wọ́n kọ́ ọmọ náà ní ìwé èdè Slavu, ìyẹn èdè tí àwọn ará ilé rẹ̀ ń sọ. Lẹ́yìn èyí, bàbá rẹ̀ rán an lọ sí Budeč, níbi tí ó ti kọ́ èdè Látìn. Ní ayé ìgbà náà, kò wọ́pọ̀ pé kí ọmọ olórí ilẹ̀ mọ̀wé. Idà àti ẹṣin ni wọ́n fi ń tọ́ wọn. Václav mọ idà lò, ó sì mọ ẹṣin gùn, ṣùgbọ́n ó mọ ìwé pẹ̀lú.

Ẹni tí ó bá ti ka ìwé Pọ́ọ̀lù sí Tímótì yóò rántí Lóìsì, ìyá àgbà Tímótì, tí ìgbàgbọ́ kọ́kọ́ wà nínú rẹ̀ kí ó tó dé ọ̀dọ̀ ọmọ àti ọmọ-ọmọ. Ohun tí Lóìsì ṣe fún Tímótì ni Ludmila ṣe fún Václav. Ẹ̀yin ìyá àgbà inú ìjọ wa, ẹ má ṣe rò pé iṣẹ́ yín kéré.

Ní ọdún 921, Vratislav kú. Václav kò ju ọmọ ọdún mẹ́tàlá tàbí mẹ́rìnlá lọ, kò sì tíì lè jókòó lórí ìtẹ́. Drahomíra gba àkóso lọ́wọ́, ṣùgbọ́n ọmọ wà lọ́dọ̀ ìyá ọkọ rẹ̀. Ẹni tí ó bá ni ọkàn ọmọ ni yóò ni ilẹ̀ lọ́la, èyí sì ni ó dá ìjà sílẹ̀ láàárín àwọn obìnrin méjèèjì. Ludmila rí i pé ewu ń bọ̀, ó sì kó kúrò ní Prague lọ sí odi Tetín, kí ó lè fi ìyókù ayé rẹ̀ gbàdúrà. Síbẹ̀ wọn kò jẹ́ kí ó sinmi. Ní òru ọjọ́ 15 oṣù September ọdún 921, àwọn ọkùnrin méjì, Tunna àti Gommon, tí wọ́n jẹ́ ènìyàn Drahomíra, wọlé tọ̀ ọ́ lọ, wọ́n sì fún un lọ́rùn pa. Ìtàn sọ pé ìbòrí rẹ̀ ni wọ́n fi ṣe é. Bẹ́ẹ̀ ni ẹni tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ àlàáfíà iyebíye ṣe fi ẹ̀jẹ̀ sí àárín ilé ara rẹ̀. A rí i níbẹ̀ pé orúkọ lè tọ́ka ọ̀nà fún ènìyàn, ṣùgbọ́n kò lè fi ipá mú un rìn ín.

ÌJỌBA RẸ̀

Ní nǹkan bí ọdún 925, Václav gba ìjọba sí ọwọ́ ara rẹ̀. Kí ni a rò pé ọ̀dọ́mọkùnrin tí ìyá rẹ̀ pa ìyá àgbà rẹ̀ yóò ṣe? Agbára ti wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ó mú Drahomíra kúrò ní ààfin, ó sì rán an jáde; ṣùgbọ́n kò pa á, ìtàn sì sọ pé lẹ́yìn àkókò díẹ̀, ó pè é padà. Ó rán ènìyàn lọ gbé òkú Ludmila láti Tetín wá sí Prague, ó sì sin ín pẹ̀lú ọlá sí inú ṣọ́ọ̀ṣì George Mímọ́, èyí tí bàbá rẹ̀ kọ́. Ó ṣe ojúṣe rẹ̀ fún òkú, kò sì gba ẹ̀san lára alààyè.

Àwọn ìwé tí a kọ nípa rẹ̀ láàárín ọgọ́rùn-ún ọdún ìkíní lẹ́yìn ikú rẹ̀ pọ̀. A kọ wọ́n ní èdè Slavu, a sì kọ wọ́n ní èdè Látìn. Gumpold, bíṣọ́ọ̀bù ìlú Mantua ní Ítálì, kọ ọ̀kan nínú wọn nípa àṣẹ Otto Kejì, olú-ọba Jámánì. Ohùn gbogbo wọn ṣọ̀kan lórí irú ènìyàn tí Václav jẹ́. Wọ́n wí pé ó ń bọ́ àwọn tálákà, ó ń wọ àwọn tí ó wà ní ìhòòhò láṣọ, ó sì ń dúró ti opó àti aláìníbaba. Wọ́n wí pé ó wó àwọn ilé túbú lulẹ̀, ó sì gé àwọn igi tí a fi ń yẹgi fún ènìyàn lulẹ̀. Wọ́n wí pé ní òru, nígbà tí àwọn ẹlòmíràn ń sùn, a máa jáde pẹ̀lú ọmọ-ọ̀dọ̀ kan lọ kórè àlìkámà, a lọ̀ ọ́, a sì fi ìyẹ̀fun rẹ̀ ṣe àkàrà fún Oúnjẹ Alẹ́ Olúwa. A sì tún lọ sí ọgbà àjàrà láti fún wáìnì fún iṣẹ́ ìsìn kan náà.

Ohun kan wà níbẹ̀ tí ó yẹ kí ó wọ̀ wá lára ju àwọn yòókù lọ. Wọ́n wí pé Václav a máa ra àwọn ẹrú padà. Prague jẹ́ ọjà ẹrú ní ayé ìgbà náà. Ibrahim ibn Yaqub, arìnrìn-àjò tí ó wá láti Spéènì, dé ibẹ̀ ní nǹkan bí ọdún 965, ó sì kọ ọ́ sílẹ̀ pé òkúta àti ẹfun ni a fi kọ́ ìlú náà, àti pé àwọn oníṣòwò ń ti ọ̀nà jíjìn wá rà níbẹ̀, ẹrú sì wà lára ohun tí wọ́n ń rà. A kó àwọn ẹ̀yà Slavu lẹ́rú tó bẹ́ẹ̀ tí orúkọ wọn fi di ọ̀rọ̀ tí Gẹ̀ẹ́sì, Faransé àti Jámánì ń lò fún ẹrú títí di òní. Àwa tí a ti ilẹ̀ tí a ti kó ẹrú wá mọ ohun tí ó jẹ́ kí olórí ìlú kan na owó rẹ̀ láti dá ọmọ ọlọ́mọ sílẹ̀, nígbà tí àwọn olórí mìíràn ń kó owó lórí ọjà náà.

Ní ọdún 929, ìdánwò mìíràn dé. Henry Kìíní, ọba Jámánì, àti Arnulf, olórí Bavaria, kó ogun ńlá wá sí ẹnu odi Prague. Václav lè jà títí ìlú rẹ̀ yóò fi jóná, kí wọ́n lè máa kọrin akọni nípa rẹ̀. Kò ṣe bẹ́ẹ̀. Ó gbà láti máa san ìṣákọ́lẹ̀, ó dá ìlú rẹ̀ sí, ó sì wà lórí ìtẹ́ rẹ̀. Ọwọ́ Henry ni ó ti gba ègúngún apá Vitus Mímọ́, ó sì kọ́ ṣọ́ọ̀ṣì olóbìrípo kan ní orúkọ rẹ̀ sí orí òkè Prague. Lórí ilẹ̀ kan náà ni ṣọ́ọ̀ṣì ńlá Vitus Mímọ́ dúró sí lónìí. Ṣùgbọ́n kì í ṣe gbogbo ènìyàn ni inú wọn dùn sí ìṣákọ́lẹ̀ náà. Àwọn ìjòyè kan ń kùn, wọ́n sì rí etí kan tí ó ṣí sílẹ̀ fún wọn, etí Boleslav.

ÒWÚRỌ̀ NÍ ẸNU Ọ̀NÀ ILÉ ỌLỌ́RUN

Boleslav ní odi tirẹ̀, tí kò jìnnà sí Prague, ìlú tí à ń pè ní Stará Boleslav lónìí. Ní oṣù September ọdún 935, ó pe ẹ̀gbọ́n rẹ̀ wá sí àjọ̀dún Cosmas àti Damian. (Àwọn òpìtàn kan ka ọdún náà sí 929.) Václav lọ. Wọ́n jọ́sìn pọ̀, wọ́n jẹun pọ̀, wọ́n sì mu pọ̀. Nígbà tí ó fẹ́ padà sí Prague, Boleslav bẹ̀ ẹ́ kí ó sùn di ọjọ́ kejì. Ìtàn sọ pé àwọn kan kìlọ̀ fún un pé a ti dìtẹ̀ mọ́ ọn, ṣùgbọ́n kò gbà á gbọ́ nípa ọmọ ìyá rẹ̀. Ó fi ọ̀ràn ara rẹ̀ lé Ọlọ́run lọ́wọ́, ó sì sùn.

Ní òwúrọ̀ kùtùkùtù ọjọ́ 28 oṣù September, agogo ìjọ dún. Václav dìde, ó sì ń lọ sí àdúrà òwúrọ̀ gẹ́gẹ́ bí ìṣe rẹ̀. Ní ọ̀nà ni Boleslav ti pàdé rẹ̀. Václav kí i, ó sì dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ fún ìtọ́jú àná. Boleslav fa idà yọ, ó sì ṣá a ní orí. Ṣùgbọ́n ẹ̀gbọ́n lágbára jù ú lọ. Václav gbá a mú, ó sì dá a mọ́lẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí a dúró díẹ̀ níbí yìí. Ọ̀tá wà lábẹ́ ẹsẹ̀ rẹ̀. Ẹ̀jẹ̀ ń ṣàn ní orí rẹ̀. Bí ó bá pa á, kò sí ilé ẹjọ́ kan ní ayé ìgbà náà tí yóò dá a lẹ́bi. Ṣùgbọ́n ó kọ̀ láti pa ọmọ ìyá rẹ̀. Ó fi í sílẹ̀, ó sì yíjú sí ilé Ọlọ́run. Àwọn ènìyàn Boleslav gbọ́ igbe olúwa wọn, wọ́n sì sáré dé. Tuža ṣá a ní ọwọ́. Tira àti Česta gún un. Ní ẹnu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì gan-an ni Hněvsa sì ti fi idà gún un ní ìhà. Ibẹ̀ ni ó kú sí. Kò tíì pé ọmọ ọgbọ̀n ọdún. Drahomíra, ìyá rẹ̀, ni ó wá pẹ̀lú ẹkún láti ṣa òkú ọmọ rẹ̀ jọ kí ó tó sá kúrò ní ilẹ̀ náà.

OHUN TÍ Ó TẸ̀LÉ E

Boleslav gba ìtẹ́. Kí a má ṣe sọ ohun tí kì í ṣe òtítọ́: ó ṣe olórí tí ó lágbára. Ó bá Otto Kìíní ti Jámánì jagun fún ọdún mẹ́rìnlá, ó mú kí ilẹ̀ rẹ̀ gbòòrò, lábẹ́ rẹ̀ ni Bohemia sì ti bẹ̀rẹ̀ sí í rọ owó fàdákà tirẹ̀. Nínú gbogbo ohun tí ayé ń pè ní ògo, ó ní in ju ẹ̀gbọ́n rẹ̀ lọ. Síbẹ̀, orúkọ tí ìtàn fi mọ̀ ọ́n ni Boleslav Ìkà.

Òun fúnra rẹ̀ kò bọ́ lọ́wọ́ ohun tí ó ṣe. Lẹ́yìn ọdún mẹ́ta, ó mú kí wọ́n gbé òkú Václav wá sí Prague, sínú ṣọ́ọ̀ṣì tí Václav kọ́. Ìtàn àtijọ́ tún sọ pé ní àsìkò àsè búburú náà gan-an ni a bí ọmọkùnrin kan fún un, tí wọ́n sì sọ ọ́ ní Strachkvas, èyí tí ó túmọ̀ sí àsè ẹ̀rù. Ó yọ̀ǹda ọmọ náà fún Ọlọ́run, ó sì rán an lọ di ajẹ́jẹ̀ẹ́-ìsìn ní Regensburg. Ẹ wo bí orúkọ ọmọ ṣe di ẹlẹ́rìí sí ẹ̀ṣẹ̀ bàbá. Síbẹ̀, àánú Ọlọ́run wọ ilé náà. Doubravka, ọmọbìnrin Boleslav, fẹ́ Mieszko olórí Pólándì, Mieszko sì gba ìrìbọmi ní ọdún 966, ilẹ̀ rẹ̀ sì tẹ̀lé e. Mlada, ọmọbìnrin rẹ̀ kejì, di olórí ilé àwọn obìnrin ajẹ́jẹ̀ẹ́-ìsìn ní Prague. Ní ìgbà ọmọ rẹ̀, Boleslav Kejì, ẹni tí wọ́n ń pè ní Olùfọkànsìn, ni Prague di ìjókòó bíṣọ́ọ̀bù, ní ọdún 973. Ohun tí Václav bẹ̀rẹ̀, ilé ẹni tí ó pa á ni ó parí rẹ̀.

ORIN KÉRÉSÌMESÌ NÍPA RẸ̀

Àwọn kan nínú àwọn akọrin wa tí wọ́n ń fi èdè Gẹ̀ẹ́sì kọrin ní àkókò Kérésìmesì yóò ti mọ orin kan nípa Wenceslas, ọba rere. John Mason Neale, àlùfáà kan ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ni ó kọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ tí a sì tẹ̀ ẹ́ jáde ní ọdún 1853. Ohùn rẹ̀ dàgbà ju bẹ́ẹ̀ lọ. A rí i nínú ìwé orin Látìn kan tí a tẹ̀ ní ọdún 1582, níbi tí ó ti jẹ́ orin ìgbà ìrúwé. Nínú orin náà, ní ọjọ́ kejì Kérésìmesì, ọba rí tálákà kan tí ń ṣa igi nínú yìnyín. Ó gbé oúnjẹ, wáìnì àti igi ìdáná, ó sì rìn lọ sí ilé rẹ̀ nínú òtútù. Ọmọ-ọ̀dọ̀ tí ó tẹ̀lé e kò lè rìn mọ́, ṣùgbọ́n bí ó ti ń fi ẹsẹ̀ sí ojú ẹsẹ̀ olúwa rẹ̀, ooru ń jáde níbẹ̀.

Àlọ́ onígbàgbọ́ ni ìtàn ti inú orin yìí, a sì ní láti kà á bẹ́ẹ̀. Bákan náà, Václav kò jẹ́ ọba rí nígbà ayé rẹ̀. Vratislav Kejì ni ẹni àkọ́kọ́ tí ó gba adé ọba nínú ìdílé náà, èyí sì jẹ́ ní ọdún 1085, ọgọ́rùn-ún ọdún ó lé lẹ́yìn ikú Václav. Ṣùgbọ́n a kò lè wí pé orin náà purọ́ nípa ìwà ọkùnrin náà.

ORÚKỌ NÁÀ LÁTI ÌRAN DÉ ÌRAN

Láti ìgbà náà ni Václav ti di orúkọ tí kò kúrò ní ẹnu àwọn ará Czech. Ọba mẹ́rin ni ó jẹ́ ẹ. Ọ̀kan nínú wọn, Václav Kẹta, ni a pa ní ìlú Olomouc ní ọdún 1306, ìlà àwọn ọba ìdílé Přemysl sì parí sí orí rẹ̀. Ọmọ tí a bí ní Prague ní ọdún 1316, tí a sì ṣe ìrìbọmi fún ní Václav, ni ó wá di olú-ọba Charles Kẹrin. Faransé ni a ti yí orúkọ rẹ̀ padà, ṣùgbọ́n kò gbàgbé ti àkọ́kọ́. Ó dá yunifásítì Prague sílẹ̀ ní ọdún 1348. Adé tí a fi dé e ní ọba Bohemia ní ọdún 1347, ó yà á sí mímọ́ fún Václav Mímọ́, ó sì pàṣẹ pé kí adé náà máa sinmi ní orí ẹni mímọ́ náà, kí ọba tí ó bá fẹ́ dé e kí ó mọ̀ pé ṣe ni òun yá a. Títí di òní, adé náà wà nínú iyàrá kan ní ṣọ́ọ̀ṣì Vitus Mímọ́, tí ilẹ̀kùn rẹ̀ ní ìhò kọ́kọ́rọ́ méje, tí ènìyàn méje sì ń pa àwọn kọ́kọ́rọ́ náà mọ́.

Ṣùgbọ́n ọmọ Charles, Václav Kẹrin, kò rìn ní ọ̀nà orúkọ rẹ̀. Ọtí àti ìbínú borí rẹ̀. Ní ọdún 1393, nípa àṣẹ rẹ̀, a ju àlùfáà Jan ti Nepomuk sínú odò Vltava, ó sì kú. Ní ìgbà ayé rẹ̀ náà ni a sun Jan Hus, oníwàásù Prague, nínú iná ní ìlú Constance ní ọdún 1415. A tún rí i níhìn-ín pé orúkọ rere lè wà lórí ẹni tí kò ru ú dáadáa.

Ní àárín Prague, ọjà ẹṣin àtijọ́ kan wà tí ó di Gbàgede Václav ní ọdún 1848. Níbẹ̀ ni ère Václav lórí ẹṣin dúró sí, iṣẹ́ ọwọ́ agbẹ́gilére Josef Václav Myslbek, Ludmila ìyá àgbà rẹ̀ sì wà lára àwọn tí ère wọn yí i ká. Lábẹ́ ère yìí ni àwọn ènìyàn kó ara wọn jọ sí ní ọjọ́ 28 oṣù October ọdún 1918, nígbà tí Czechoslovakia gba òmìnira. Inú gbàgede kan náà ni wọ́n kún ní oṣù November ọdún 1989, tí wọ́n sì fi ohùn lásán, láìsí ìbọn, bi ìjọba tí ó ń ni wọ́n lára ṣubú. Ẹni tí wọ́n fi ṣe Ààrẹ ní òpin ọdún náà ń jẹ́ Václav Havel, òǹkọ̀wé eré tí a ti fi sẹ́wọ̀n nítorí òtítọ́. Òun náà ni Ààrẹ àkọ́kọ́ ilẹ̀ Czech lẹ́yìn tí ilẹ̀ náà àti Slovakia pínyà ní ọdún 1993. Václav mìíràn, Václav Klaus, ni ó sì gba ipò lẹ́yìn rẹ̀. Láti ọdún 2000, ọjọ́ 28 oṣù September, ọjọ́ tí a pa Václav, ti di ọjọ́ ìsinmi fún gbogbo ilẹ̀ náà. Nítorí pé ọ̀pọ̀ jùlọ ọjọ́ inú ọdún ni ó ní orúkọ tirẹ̀ nínú kàlẹ́ńdà wọn, ọjọ́ náà ni wọ́n tún ń kí gbogbo ẹni tí ń jẹ́ Václav, àti àwọn kékeré tí wọ́n ń pè ní Vašek tàbí Venca ní ilé.

Ẹ̀KỌ́ TÍ A RÍ KỌ́

Ẹ̀yin ará, a kì í gbàdúrà sí òkú nínú ìjọ wa, ṣùgbọ́n Ìwé Mímọ́ kọ́ wa láti máa rántí àwọn tí wọ́n ti sáré ìje wọn parí. Ohun mẹ́ta ni a rí kọ́ nínú ìtàn yìí.

Èkínní, kò sí èdè tí Ọlọ́run kò gbọ́. Ní ọjọ́ tí a kọ́kọ́ sọ ọmọ kan ní Veceslav, orúkọ àwọn baba tí ń bọ òrìṣà ni. Nígbà tí ẹni tí ń jẹ́ ẹ gbé ayé mímọ́, orúkọ náà di mímọ́. Àwọn aṣáájú wa ní ilẹ̀ yìí rí òtítọ́ yìí. Ẹni tí a ń pè ní David Brown Vincent di Mojọlá Agbébì ní ọdún 1894, kò sì dín ní ìránṣẹ́ Ọlọ́run nítorí bẹ́ẹ̀. Kí òbí kankan má ṣe tijú láti fi èdè tirẹ̀ sọ ọmọ lórúkọ níwájú pẹpẹ. Bẹ́ẹ̀ ni kí ẹni tí ó fi orúkọ inú Bíbélì sọ ọmọ tirẹ̀ má ṣe rò pé orúkọ nìkan tó.

Èkejì, ẹni tí a bá sọ lórúkọ, kí a tọ́ ọ pẹ̀lú. Bí kò bá sí Ludmila, Václav ì bá jẹ́ Boleslav kejì. Àdúrà tí a gbà ní ọjọ́ ìsọmọlórúkọ, ọwọ́ wa ni ó wà láti máa bomi rin ín lójoojúmọ́.

Ẹ̀kẹta ni ó wúwo jù. Ìjà ọmọ ìyá kò tíì tán láyé. Ilẹ̀ ogún, oyè ìdílé, ipò nínú ìjọ, gbogbo wọn ni wọ́n ti sọ tẹ̀gbọ́n-tàbúrò di ọ̀tá ní ìlú púpọ̀ tí àwọn ẹ̀ka wa wà. Láti orí Kéènì àti Ábẹ́lì ni ó ti wà bẹ́ẹ̀. Àwọn méjèèjì tí a kà nípa wọn yìí ni a tọrọ ògo fún. Ọ̀kan fi idà gbà á, ó sì ní in fún ìwọ̀nba ọdún tí ó fi wà lórí ìtẹ́. Èkejì ní àyè láti pa, ó sì fi àyè náà sílẹ̀. Ògo rẹ̀ sì ń pọ̀ sí i títí di òní, gan-an gẹ́gẹ́ bí orúkọ rẹ̀. Bí ẹnì kan bá wà nínú wa tí ó ti àpéjọ yìí ń padà lọ sí ilé tí ọmọ ìyá rẹ̀ ti ṣẹ̀ ẹ́, kí ó rántí ẹnu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì náà.

Kí Ọlọ́run kí ó fún wa ní ọmọ tí yóò ru orúkọ wọn dáadáa, kí ó sì fún àwa náà ní oore-ọ̀fẹ́ láti ru orúkọ Kristi tí a fi ń pè wá. Àmín.